Ohùn Tí A Kò Tẹ̀: Ọ̀rọ̀ Lórí Àwo Orin Ahmad Jamal ti Ọdún 1958, àti Bí Ayé Ti Gbà Á



Ó lè ya àwọn kan nínú yín lẹ́nu pé, nínú gbọ̀ngàn yìí, níbi tí a ti máa ń gbọ́ ìtàn àwọn tí ó kọ orin mímọ́ wa, ni èmi yóò ti dìde láti sọ̀rọ̀ lórí àwo orin jáàsì kan, èyí tí a gbà sílẹ̀ ní hòtẹ́ẹ̀lì níbi tí a ti ń ta ọtí, láti ọwọ́ ọkùnrin kan tí kì í ṣe Kristẹni. Èmi kò bẹ̀ yín pé kí ẹ fi orin ìjọ sílẹ̀ kí ẹ sì gba ti hòtẹ́ẹ̀lì. Ohun tí ó mú mi yan àwo yìí ni ohun tí ó dé bá a lẹ́yìn tí ó jáde: ogunlọ́gọ̀ ènìyàn rà á, wọ́n sì fẹ́ràn rẹ̀; àwọn ọ̀mọ̀wé orin sì yọ ṣùtì sí i. Ó pẹ́ díẹ̀ kí àwọn ọ̀mọ̀wé tó yí ohùn padà. Ta ni nínú wọn ni ó gbọ́ orin náà ní àgbọ́yé? Kò sí ọjọ́ Ìsinmi kan tí ó ń kọjá tí àwa pẹ̀lú kì í jókòó nínú ṣọ́ọ̀ṣì ṣe ìdájọ́ ẹni tí ń tẹ dùùrù àti àwọn akọrin. Nítorí náà ọ̀ràn yìí kàn wá.

Ní ìlú Pittsburgh, ní ìpínlẹ̀ Pennsylvania ní Amẹ́ríkà, ni a bí olórin náà ní ọjọ́ 2 oṣù Keje, ọdún 1930. Frederick Russell Jones ni orúkọ tí àwọn òbí rẹ̀ fún un. Ìlú èéfín àti iṣẹ́ irin ni Pittsburgh nígbà náà, ṣùgbọ́n ìlú orin ni pẹ̀lú. Ọmọ ọdún 3 ni ó wà nígbà tí Lawrence, ìbátan rẹ̀ kan tí ó jẹ́ àgbà, tẹ píánò tán, tí ó sì fi ẹ̀fẹ̀ bi í léèrè bí ó bá lè tẹ irú èyí tí òun tẹ̀. Ọmọ náà jókòó, ó sì tẹ̀ ẹ́. Nígbà tí ó di ọmọ ọdún 7, a fi í sí ọ̀dọ̀ Mary Cardwell Dawson, obìnrin dúdú kan tí ó jẹ́ olùkọ́ni ní orin, ẹni tí ó wá dá ẹgbẹ́ National Negro Opera Company sílẹ̀ ní ọdún 1941. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn. Ọmọ náà kọ́ orin àwọn àgbà ilẹ̀ Yúróòpù àti orin àwọn ènìyàn rẹ̀ pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, kò sì sí ẹni tí ó wí fún un pé ọ̀kan jẹ́ ọmọ-ọba, èkejì sì jẹ́ ẹrú. Títí ó fi di arúgbó ni kò fi fẹ́ràn ọ̀rọ̀ náà, jáàsì. Orin àgbà ti ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni òun ń pè é.

Ní nǹkan bí ọdún 1950 ó gba ẹ̀sìn Ìsìláàmù, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ́ Ahmad Jamal. Èmi kò wá síhìn-ín láti jiyàn lórí ìyípadà ẹ̀sìn rẹ̀. Ṣùgbọ́n ní ti yíyí orúkọ padà, àwa tí a mọ̀ pé David Brown Vincent ti ìjọ Onítẹ̀bọmi ní Èkó di Mójọlá Agbébí kí ọ̀rúndún 19 tó parí, kò yẹ kí ó ṣòro fún wa láti mọ ohun tí ó lè mú ọmọ ẹni tí a kó lẹ́rú wá orúkọ mìíràn tí yóò máa jẹ́.

Ìlú Chicago ni ó ti dá ẹgbẹ́ olórin mẹ́ta sílẹ̀ ní ọdún 1951. Lákọ̀ọ́kọ́, kò sí ìlù nínú rẹ̀ rárá: píánò, gìtá àti báàsì ni. Nígbà tí ó yá, gìtá kúrò, ìlù sì wọlé. Nígbà tí ọdún 1958 yóò fi bẹ̀rẹ̀, àwọn mẹ́ta náà ni Jamal fúnra rẹ̀ nídìí píánò. Israel Crosby nídìí báàsì. Àti Vernel Fournier, ọmọ ìlú New Orleans, nídìí ìlù. Fún àǹfààní àwọn tí kò rí irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ rí: píánò bá dùùrù ṣọ́ọ̀ṣì tan, ṣùgbọ́n kò ní afẹ́fẹ́ nínú, òòlù kéékèèké ni ó ń lu okùn irin inú rẹ̀, nítorí náà bí a bá tẹ̀ ẹ́, ohùn rẹ̀ a dún, a sì bẹ̀rẹ̀ sí í kú lọ́gán. Dùùrù lè di ohùn kan mú títí ẹsẹ̀ orin yóò fi parí. Píánò kò lè ṣe é. Báàsì jẹ́ ohun-èlò olókùn 4 tí ó ga ju ènìyàn lọ. A máa ń gbé e nàró, a sì máa ń fi ìka ta okùn rẹ̀. Ìlù ti Fournier kì í ṣe ẹyọ kan, bí kò ṣe àkójọ ìlù àti aro tí ẹnì kan ṣoṣo ń fi ọwọ́ àti ẹsẹ̀ lù pọ̀.

Hòtẹ́ẹ̀lì Pershing wà ní ìhà gúúsù Chicago, ní àdúgbò àwọn ènìyàn dúdú. Jamal bá ẹni tí ó ni ibẹ̀ ṣe àdéhùn pé àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni yóò jẹ́ olórin inú ilé náà. Èyí ṣe pàtàkì ju bí ó ti rí létí lọ. Olórin tí ń rìn kiri láti ìlú dé ìlú kò ní ju kí ó ṣe ohun tí ó ti mọ̀ ọ́n ṣe lọ; ṣùgbọ́n àwọn wọ̀nyí jókòó sí ojú kan, lórí píánò kan, nínú yàrá kan tí wọ́n mọ bí ohùn ti ń ṣe nínú rẹ̀, alẹ́ dé alẹ́, títí ọ̀kan fi lè mọ ìgbà tí èkejì yóò mí. Ní ọjọ́ 16 oṣù Kìíní, ọdún 1958, a gbé ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ wá sínú yàrá náà. Orin 43 ni a gbà sílẹ̀. Jamal fi etí sí gbogbo rẹ̀, ó sì mú 8 péré, àpapọ̀ wọn kò ju nǹkan bí ìdajì wákàtí lọ. A tẹ díẹ̀ nínú ìyókù jáde lẹ́yìn náà, ṣùgbọ́n àwọn 8 yìí ni ilé-iṣẹ́ Argo ti Chicago gbé jáde ní ọdún náà gan-an, tí wọ́n sì pe àwo náà ní At the Pershing: But Not for Me.

Nínú orin 8 náà, kò sí ọ̀kan tí Jamal fúnra rẹ̀ ṣẹ̀dá. Orin àwọn ẹlòmíràn ni gbogbo wọn: ti Gershwin, ti Richard Rodgers, ti Dizzy Gillespie, orin tí àwọn olùgbọ́ ti mọ̀ láti inú eré orí ìtàgé àti láti orí rédíò. Ẹ má ṣe rò pé àìrí-nǹkan-ṣẹ̀dá ni. Ibẹ̀ ni àdììtú iṣẹ́ rẹ̀ wà, bí mo ti fẹ́ fi hàn yín.

Èyí tí ó gbajúmọ̀ jù nínú wọn ni Poinciana. Orúkọ igi ni orúkọ orin náà, igi tí ń tan òdòdó pupa bí iná, tí a gbìn sí etí ọ̀nà àti àgbàlá púpọ̀ ní ilẹ̀ wa, tí àwọn Ẹ̀gbá fi pe Pánṣẹ́kẹ́ ní Abẹ́òkúta. Nat Simon ni ó ṣe ohùn rẹ̀ ní ọdún 1936, láti inú orin ìbílẹ̀ kan ní Kúbà. Orin ìfẹ́ lásán ni nígbà náà. Nínú yàrá Pershing ó di nǹkan mìíràn. Fournier mú ọ̀pá ìlù kan ní ọwọ́ kan, ó sì mú òmíràn tí a fi aṣọ rírọ̀ wé ní orí ní ọwọ́ kejì, ó sì dá ìlù kan sílẹ̀ tí ó jẹ́ pé, bí a bá ti ojú dì, a óò búra pé ènìyàn méjì ni ó ń lù ú. Ní New Orleans ni ó ti rí i, nínú ìlù ìwọ́de ìlú rẹ̀, níbi tí ẹnì kan ti ń lu ìlù ńlá, tí ẹlòmíràn sì ń lu kékeré. Ní ìlú kan náà ni àwọn ẹrú ti máa ń péjọ ní ọjọ́ Ìsinmi ní gbàgede tí a ń pè ní Congo Square láti lu ìlù ilẹ̀ baba wọn. Ẹ lè fi ìyẹn rò ó wò. Crosby tẹ̀ lé ìlù náà pẹ̀lú ohùn ìsàlẹ̀ díẹ̀ tí ó ń yípo lórí ara rẹ̀. Ìṣẹ́jú 8 ó lé díẹ̀ ni orin náà, ìlù yìí kò sì já.

Kí wá ni Jamal ń ṣe ní gbogbo ìgbà yìí? Ó ń dákẹ́. Bí mo ti wí i nì ni. Ó tẹ ohùn mẹ́ta tàbí mẹ́rin lókè pátápátá níbi tí píánò ti ń dún bí agogo kékeré, ó sì gbé ọwọ́ kúrò. Ìlù ń lọ, báàsì ń lọ, a sì ń gbọ́ ìkùnsínú àwọn tí ó jókòó sídìí tábìlì wọn. Lẹ́yìn náà ó padà wá pẹ̀lú ìdajì ìlà orin, ó sì fi ìdajì yòókù sílẹ̀ láìtẹ̀. Nígbà mìíràn, láìròtẹ́lẹ̀, ó fi ọwọ́ méjèèjì tẹ ohùn púpọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà bí ààrá, kí ó tún tó rọ̀ wálẹ̀ sínú ìdákẹ́jẹ́.

Àwọn baba wa wí pé, ààbọ̀ ọ̀rọ̀ ni à ń sọ fún ọmọlúàbí. Bí ó bá dé inú rẹ̀, a di odindi. Ìdí rẹ̀ nìyẹn tí Jamal kò fi mú orin tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ wá. Bí olùgbọ́ bá ti mọ orin náà tẹ́lẹ̀, nígbà tí píánò bá dákẹ́ ní àárín ìlà, ọkàn olùgbọ́ ni yóò kọ ìyókù. Bẹ́ẹ̀ ni yóò sì ṣe di ẹnì kẹrin nínú ẹgbẹ́ olórin mẹ́ta. Ẹ̀yin tí ẹ mọ dùndún mọ ohun tí mo ń wí. Omele àti gúdúgúdú kì í sinmi, ṣùgbọ́n ìyáàlù a máa sọ̀rọ̀, a máa dúró. A máa fi ìbẹ̀rẹ̀ oríkì kan lélẹ̀, a sì wo ojú ẹni tí ó ni oríkì náà. Bí ó bá ń sọ̀rọ̀ láìdánudúró, kò sí ẹni tí yóò gbọ́ ọ̀rọ̀ kan nínú rẹ̀. Èmi kò sọ pé Jamal kọ́ ti dùndún. Ohun tí mo ń sọ ni pé ẹni tí ó bá dàgbà sí ìtòsí dùndún kò ní pe ìdákẹ́jẹ́ bẹ́ẹ̀ ní òfìfo.

Àwọn ará Amẹ́ríkà ra àwo náà. Kì í ṣe àwọn olùfẹ́ jáàsì nìkan, ṣùgbọ́n àwọn akọ̀wé, àwọn oníṣòwò, àwọn tọkọtaya tí kò ní àwo jáàsì kankan nílé rí. Ó lé ní 100 ọ̀sẹ̀ tí ó fi wà nínú ìwé àkọsílẹ̀ àwọn àwo tí ó tà jù. Fún olórin jáàsì, tí kò sì sí ẹni tí ń fi ẹnu kọrin lórí àwo náà, ohun tí ó ṣọ̀wọ́n púpọ̀ ni.

Nígbà náà ni àwọn adájọ́ gòkè wá sórí àga. Ní Amẹ́ríkà, àwọn ènìyàn kan wà tí iṣẹ́ wọn jẹ́ láti gbọ́ àwo titun kí wọ́n sì kọ ìdájọ́ wọn sínú ìwé ìròyìn. Púpọ̀ nínú wọn kò ka iṣẹ́ Jamal sí jáàsì tòótọ́. Wọ́n ní orin yàrá ọtí ni, irú èyí tí a ń tẹ̀ jẹ́jẹ́ kí ó má ba à dí àwọn tí ń mu ọtí lọ́wọ́. Martin Williams, ẹni tí a bọ̀wọ̀ fún gidigidi nínú wọn, tí ó ń kọ̀wé sínú Down Beat, wà lára àwọn tí kò fi ojú rere wò ó. Lójú tirẹ̀, ohun tí ọkùnrin náà mọ̀ jù ni bí a ti í fi ọgbọ́n mú àwọn olùgbọ́.

Ẹ jẹ́ kí a ṣe òdodo sí àwọn adájọ́ wọ̀nyí, nítorí wọn kì í ṣe òmùgọ̀. Orin tí ń jọba nígbà náà ni orin tí Charlie Parker fi sílẹ̀, èyí tí ó yára bí ìjì, tí a ń fi òógùn ojú ṣe. Ní ọdún 1958 yìí kan náà, John Coltrane ń kó ohùn lé ohùn bí ẹni pé ó fẹ́ sọ gbogbo ọ̀rọ̀ ayé nínú èémí kan. Ẹni tí etí rẹ̀ ti mọ́ irú èyí lára yóò rò pé ọ̀lẹ ni ẹni tí ń tẹ ohùn mẹ́ta tí ó sì ń sinmi. Wọ́n tún ti rí olórin púpọ̀ tí ó sọ iṣẹ́ di yẹpẹrẹ nítorí owó, wọ́n sì ń bẹ̀rù. Èmi pẹ̀lú gbà pé kì í ṣe gbogbo ohun tí ọjà bá gbà ni ó dára. Orin kan wà lórí àwo yìí, èyí tí a ń pè ní Music! Music! Music!, tí mo lè gbé ayé láìtún gbọ́. Ṣùgbọ́n àṣìṣe wọn wà níbì kan tí ó dájú: wọ́n ka ohùn tí ọkùnrin náà tẹ̀, wọn kò ka èyí tí ó fi sílẹ̀. Wọ́n fi òṣùwọ̀n iṣu wọn epo.

Àwọn olórin fúnra wọn kò ṣe irú àṣìṣe bẹ́ẹ̀. Miles Davis, afọnfèrè tí òkìkí rẹ̀ kàn jù ní ìgbà náà, ti gbọ́ nípa Jamal láti ẹnu arábìnrin rẹ̀ tí ń gbé Chicago ní ọdún 1953. Láti ìgbà náà, ó ń lọ jókòó láti gbọ́ ọ. Ó mú orin tí Jamal ṣẹ̀dá, Ahmad's Blues, sínú iṣẹ́ tí ẹgbẹ́ rẹ̀ gbà sílẹ̀ ní 1956, ó sì mú New Rhumba ní 1957. Ó sì ń sọ fún atẹpíánò tirẹ̀, Red Garland, pé kí ó máa tẹ̀ ẹ́ bí Jamal. Kò fi èyí pamọ́ fún ẹnikẹ́ni. Gbogbo wọn ń yin Miles Davis fún bí ó ti mọ ìgbà tí ó yẹ kí a dákẹ́, wọ́n sì ń bú ẹni tí ó ti kọ́ ọ.

Èmi rò pé ohun kan tún wà tí ó jinlẹ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn kan ti pinnu bí ó ti yẹ kí ọkùnrin dúdú máa ṣe orin: pẹ̀lú ìrora, pẹ̀lú ariwo, pẹ̀lú òógùn. Jamal wọ aṣọ rẹ̀ dáradára, ó jókòó ṣánṣán, ó fi ìka díẹ̀ ṣe iṣẹ́ púpọ̀, kò sì bẹ ẹnikẹ́ni kí ó káàánú òun. Ìjẹ́jẹ́ rẹ̀ bí wọn nínú. Bí ẹ bá ní kí n fi ẹ̀rí rẹ̀ hàn, èmi kò ní ju etí mi lọ. Ṣùgbọ́n ohun tí mo gbọ́ nìyẹn.

Mo fẹ́ yà díẹ̀ sí ọ̀dọ̀ ẹ̀yin atẹdùùrù àti olùdarí akọrin tí ẹ wà níhìn-ín. Nínú ṣọ́ọ̀ṣì wa, bí ẹsẹ orin kan bá parí, kí ijọ tó mí, dùùrù ti kún àlàfo náà. Bí àlùfáà bá wí pé kí a gbàdúrà ní ìdákẹ́jẹ́, ẹnì kan a bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ dùùrù lábẹ́lẹ̀, bí ẹni pé Ọlọ́run kò lè gbọ́ wa bí kò sí ohun-èlò. Mo bi atẹdùùrù kan léèrè rí ìdí tí ó fi ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ó ní, “Alàgbà, bí mo bá dákẹ́, wọn yóò rò pé mo ti gbàgbé.” Kò purọ́. Àwa tí a jókòó ni a kọ́ ọ bẹ́ẹ̀, nítorí ẹni tí ìka rẹ̀ bá yára ni à ń yìn nígbà tí a bá jáde.

Ní ti owó tí àwo náà mú wá, ẹ̀yin ẹgbẹ́ tí ń gbógun ti ọtí líle yóò fẹ́ gbọ́ èyí. Ahmad Jamal fi owó rẹ̀ ṣí ilé kan ní Chicago, ó pè é ní Alhambra, ilé oúnjẹ àti orin, kò sì jẹ́ kí a ta ẹ̀kán ọtí kan níbẹ̀. Ọkùnrin tí wọ́n pe orin rẹ̀ ní orin yàrá ọtí ni ó ṣe èyí! Ilé náà kò pẹ́. Kò tó ọdún mélòó kan tí a fi tì í. Ní 1962 ẹgbẹ́ àwọn mẹ́ta náà tú ká. Crosby àti Fournier lọ bá George Shearing ṣiṣẹ́, ní oṣù Kẹjọ ọdún náà Israel Crosby sì kú, ọmọ ọdún 43. Bí ẹ bá fi etí sí ohun tí ọwọ́ rẹ̀ ń ṣe lábẹ́ Poinciana, ẹ óò mọ̀ pé kò sí ẹni tí ó lè jókòó sí àyè rẹ̀ mọ́.

Jamal gbé ayé pẹ́. Àwọn ọmọ tí wọn kò tíì bí ní 1958 gba orin rẹ̀: àwọn olórin ráàpù mú ègé iṣẹ́ rẹ̀ ìgbà ẹ̀yìn wọ inú tiwọn, bí Nas ti ṣe ní 1994 àti De La Soul ní 1996, Clint Eastwood sì fi orin láti inú àwo Pershing yìí sínú fíìmù rẹ̀ The Bridges of Madison County ní 1995. Ìjọba Amẹ́ríkà fi í sí àárín àwọn Ọ̀gá Jáàsì ní 1994. Stanley Crouch, tí òun náà jẹ́ adájọ́ orin, kọ ọ́ pé lẹ́yìn Charlie Parker, kò sí ẹni tí ó ṣe pàtàkì ju Jamal lọ nínú mímú ètò titun wọ inú jáàsì lẹ́yìn 1945. Ní ọjọ́ 16 oṣù Kẹrin, ọdún 2023, ni ó jáde láyé, ní ẹni ọdún 92, nígbà tí ó ti pẹ́ tí àwọn tí ó kọ́kọ́ dá a lẹ́bi ti dákẹ́.

Alága, mo rí i pé àkókò ń lọ. Mo ti bẹ̀bẹ̀ pé kí a gbé ẹ̀rọ wá, a ó sì gbọ́ Poinciana láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ẹ má ṣe wá píánò lákọ̀ọ́kọ́. Ẹ kọ́kọ́ fi etí mú ìlù. Nígbà tí ó bá ti wọ̀ yín lára, ẹ sọ̀kalẹ̀ sí ọ̀dọ̀ báàsì, kí ẹ sì dúró níbẹ̀. Jamal yóò wá bá yín fúnra rẹ̀. Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ wà lẹ́nu ọ̀nà, ẹ jọ̀wọ́, ẹ pa ilẹ̀kùn dé, kí ẹnì kan sì pa fáànù yẹn.